"Ṣé wọn ò ní ẹbí tó lè sin wọ́n ni?" Àlàyé fún ẹni tó fẹ́ lọ síbi ìrántí ìpẹ̀yàrun

Àbúrò mi kan tó ń ṣiṣẹ́ ní Kùtọ̀nú ló fa ọ̀rọ̀ yìí. Ilé iṣẹ́ rẹ̀ fẹ́ rán an lọ sí ìpàdé kan ní Kigali, olú-ìlú Rùwáńdà, wọ́n sì ti kọ ọ́ sínú ètò pé lọ́jọ́ kẹta, mọ́tò yóò kó gbogbo wọn lọ sí ilé ìrántí Gisozi, níbi tí wọ́n ti ń rántí àwọn Tutsi tí wọ́n pa nípakúpa ní 1994, láti ibẹ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì kan ní Nyamata tí wọ́n ti pa ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ó wá àwòrán ibẹ̀ lórí fóònù. Nígbà tó pè mí ní Kétu lálẹ́ ọjọ́ náà, kò tilẹ̀ kí mi tán tó fi bẹ̀rẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, agbárí ènìyàn ni wọ́n tò lé ara wọn bí ẹní to igbá lọ́jà yìí. Ṣé àwọn wọ̀nyẹn ò ní ẹbí tó lè sin wọ́n ni? Kí ló dé tí wọ́n á máa kó àlejò wá wòran òkú olókú?"

Mi ò bá a wí. Ilé kan náà ló tọ́ àwa méjèèjì, a sì mọ ohun tí òkú jẹ́ nílé wa. Ẹni tó bá kú sójú ogun tàbí sí ìdálẹ̀, tí wọn ò rí òkú rẹ̀ gbé wálé, irun orí rẹ̀ àti èékánná rẹ̀ làwọn àgbà máa ń wá, kí wọ́n lè rí nǹkan kan fi sin ín. Ẹni tí irú ilé bẹ́ẹ̀ tọ́ dàgbà, tó wá rí egungun ènìyàn lórí pẹpẹ, ohun àkọ́kọ́ tó máa wá sí i lọ́kàn ni pé wọ́n ń fi òkú ṣẹ̀sín. Èmi náà rò bẹ́ẹ̀ kí n tó débẹ̀. Ṣùgbọ́n ìbéèrè rẹ̀ yẹn, pé ṣé wọn ò ní ẹbí, òun gan-an ni gbòǹgbò ọ̀rọ̀. Kí n tó lè dá a lóhùn, ó di dandan ká kọ́kọ́ tú orúkọ náà wò.

Iye òkú kọ́

Lẹ́nu ọ̀pọ̀ wa, bí òkú bá ti pọ̀, ìpakúpa ni. Àwọn tó gbọ́ Faransé láàrin wa á sì yára pè é ní génocide, ì báà jẹ́ ìjà àgbẹ̀ àti darandaran. Ọ̀rọ̀ náà kò gbòòrò tó bẹ́ẹ̀. Kò tilẹ̀ tíì pé ọgọ́rùn-ún ọdún tó dáyé. Raphael Lemkin, amòfin kan tó jẹ́ Júù láti ilẹ̀ Pólàǹdì, ló ṣẹ̀dá rẹ̀ ní 1944, nígbà tí ìjọba Hitler ń pa àwọn Júù nípakúpa káàkiri Yúróòpù. Ó mú ọ̀rọ̀ Gíríìkì tó túmọ̀ sí ìran tàbí ẹ̀yà, ó so ó mọ́ ọ̀rọ̀ Látìn tó jẹ mọ́ pípa. Nínú àlàyé yìí, ìpẹ̀yàrun ni n ó máa pè é: pípa ẹ̀yà run.

Ní ọjọ́ 9 oṣù kejìlá 1948, Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé fi ẹnu kò lórí àdéhùn tó sọ ohun tí ọ̀rọ̀ náà jẹ́ lójú òfin. Wọ́n ka ìwà márùn-ún sílẹ̀: kí a pa àwọn ọmọ ẹ̀yà kan, kí a ṣe wọ́n léṣe gidi lára tàbí lọ́kàn, kí a mọ̀ọ́mọ̀ fi wọ́n sínú ipò tí wọn ò fi ní lè wà láàyè, kí a má jẹ́ kí wọ́n bímọ, kí a fi agbára kó ọmọ wọn fún ẹ̀yà mìíràn. Èyíkéyìí nínú wọn tó, bí ẹni tó ṣe é bá ní in lọ́kàn láti pa ìran, ẹ̀yà, orílẹ̀-èdè tàbí ìjọ ẹlẹ́sìn kan run, lódindi tàbí lápá kan, nítorí pé wọ́n jẹ́ ẹni tí wọ́n jẹ́.

Inú ọ̀rọ̀ "ní in lọ́kàn" yìí ni gbogbo wàhálà wà. Ní Srebrenica, ní ilẹ̀ Bosnia, àwọn ọkùnrin àti ọmọdékùnrin tí wọ́n pa ní oṣù keje 1995 lé ní 8,000, ilé ẹjọ́ àgbáyé sì pè é ní ìpẹ̀yàrun. Ogun mìíràn wà tó pa ju ìyẹn lọ ní ìlọ́po ọgọ́rùn-ún tí kò sẹ́ni tó pè é bẹ́ẹ̀. Iye òkú kọ́ ni wọ́n fi ń wọ̀n ọ́n, ohun tó wà nínú apànìyàn ni. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, inú jìn. Kò sí adájọ́ tó lè la àyà ẹnìkan wò. Ẹ̀rí ni wọ́n máa ń wá: ìwé àṣẹ, ọ̀rọ̀ orí rédíò, káàdì, ibi tí òkú wà, bí wọ́n ṣe pa á, irú ohun tí wọ́n fi pa á. Ọ̀rọ̀ ẹ̀rí yìí ni kí ẹ dì mú, a ó padà síbẹ̀.

Ọmọ Kétu kò ní ṣaláì bi mí pé 1886 tiwa ńkọ́. Ìbéèrè náà tọ́. Ọmọ ogun Dàhòmì, nígbà ayé ọba Glele, sàga ti ìlú wa títí ebi fi wọlé. Ní ọdún yẹn ni ìlú ṣubú, wọ́n sun ún níná, wọ́n sì kó àwọn ènìyàn wa lọ sí Agbómẹ̀. Ahoro ni Kétu wà títí àwọn Faransé fi ṣẹ́gun Béhanzin, ọba tó jẹ lẹ́yìn Glele, tí àwọn tó kù nínú àwọn tí wọ́n kó lọ wá padà wálé láti tún un tẹ̀ dó. Àkàbà Ìdènà, ẹnu ibodè tí wọ́n ń mú gbogbo àlejò lọ wò, ó ṣì wà níbẹ̀ títí di òní. Síbẹ̀, ogun ìkónilẹ́rú ni ogun Dàhòmì. Ènìyàn tó wà láàyè ni wọ́n ń wá, láti tà tàbí láti mú roko. Bí àwọn amòfin bá jókòó ti ọ̀rọ̀ fífọ́ ìlú náà, wọ́n lè jiyàn rẹ̀ mọ́jú, èmi ò sì fẹ́ fi òfin 1948 dá ẹjọ́ 1886. Bákan náà ni ti Wídà, etíkun tí wọ́n ti ń kó ẹrú sọdá òkun. Òfin Faransé ti ọjọ́ 21 oṣù karùn-ún 2001 pe òwò ẹrú ní ìwà ọ̀daràn sí ọmọ ènìyàn. Kò pè é ní ìpẹ̀yàrun. Kì í ṣe pé ọ̀kan dùn ju èkejì lọ. Ẹjọ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n.

Fọ̀n àti Yorùbá kọ́ ni Hutu àti Tutsi

Àṣìṣe yìí wọ́pọ̀ láàrin àwa ará Benin ju ibòmíràn lọ, mo rò pé nítorí pé a ti mọ Fọ̀n, Gun, Bàrìbá àti Yorùbá gẹ́gẹ́ bí ẹ̀yà tó ní èdè tirẹ̀, oríkì tirẹ̀, ìlú tirẹ̀. A wá rò pé báyìí náà ni Rùwáńdà rí. Rárá. Èdè kan ṣoṣo ni wọ́n ń sọ níbẹ̀, Kinyarwanda. Orí òkè kan náà ni wọ́n jọ ń gbé, wọ́n ń fẹ́ra wọn, orúkọ tí wọ́n ń pe Ọlọ́run kò yàtọ̀, ìdílé kan náà lè ní Hutu nínú kó sì ní Tutsi nínú. Nígbà àtijọ́, ọ̀rọ̀ ẹni tó ní màlúù àti ẹni tó ń roko wà níbẹ̀, ọ̀rọ̀ ẹni tó sún mọ́ ààfin náà wà níbẹ̀, ẹni tí nǹkan ṣẹnuure fún sì lè ti ìhà kan bọ́ sí èkejì.

Àwọn òyìnbó ló dì í pa. Jámánì kọ́kọ́ dé, lẹ́yìn náà Bẹ́ljíọ̀mù. Àwọn ará Bẹ́ljíọ̀mù wọn orí, wọ́n wọn imú, ní àárín ọdún 1930 sí 1940 wọ́n sì pín káàdì ìdánimọ̀ tí wọ́n kọ Hutu, Tutsi tàbí Twa, ìhà kẹta, sí lára. Láti ọjọ́ náà, ohun tí wọ́n kọ fún bàbá ni ọmọ yóò jẹ́. Wọ́n gbé Tutsi ga fún ìgbà pípẹ́. Nígbà tí òmìnira ń bọ̀, wọ́n yí sẹ́yìn Hutu. Láti 1959 ni wọ́n ti ń pa Tutsi tí wọ́n sì ń lé wọn jáde nílùú. Àwọn ọmọ àwọn tí wọ́n lé lọ, tí wọ́n dàgbà sí Uganda, ló padà wá pẹ̀lú ìbọn ní oṣù kẹwàá 1990.

Ní alẹ́ ọjọ́ 6 oṣù kẹrin 1994, wọ́n yìnbọn lu ọkọ̀ òfuurufú tó gbé ààrẹ Rùwáńdà, Juvénal Habyarimana, àti ààrẹ Bùrúńdì, Cyprien Ntaryamira. Àwọn méjèèjì kú. Kí ilẹ̀ tó mọ́, àwọn ọmọ ogun àti jàǹdùkú Hutu tó fẹ́ pa Tutsi run ti dínà káàkiri Kigali. (Ìdènà ni wọ́n ń pè é nílé wa pẹ̀lú. Ti Kétu, ẹ̀mí ará ìlú ni wọ́n fi ń ṣọ́. Ti Kigali, káàdì ni wọ́n ń béèrè níbẹ̀, ẹni tí wọ́n bá kọ Tutsi sí tirẹ̀ kò ní kọjá.) Agathe Uwilingiyimana, obìnrin tó jẹ́ olórí ìjọba, Hutu ni, wọ́n pa á lọ́jọ́ kejì, nítorí pé kò bá wọn lọ. Irú rẹ̀ pọ̀. Rédíò tí wọ́n ń pè ní RTLM ń ka orúkọ àwọn tó yẹ kí wọ́n wá pa, ó ń pè wọ́n ní aáyán. Àdá àti kùmọ̀ ni ọ̀pọ̀ fi pa aládùúgbò rẹ̀. Nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọjọ́ ló gbà. Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé ní ẹni tó kú tó 800,000; ìjọba Rùwáńdà ní wọ́n lé ní mílíọ̀nù kan.

Ayé ń wò wọ́n. Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹrin, bí pípa ṣe ń lọ lọ́wọ́, ìgbìmọ̀ ààbò Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé dín àwọn ọmọ ogun rẹ̀ tó wà níbẹ̀ kù sí 270. Nínú àwọn tó wà níbẹ̀ ni Mbaye Diagne, ọ̀gágun ọmọ Sẹ̀nẹ̀gàl tí kò gbé ìbọn dání bó ṣe ń gba ibi ìdènà kọjá, tó ń kó àwọn ènìyàn pamọ́ sínú mọ́tò rẹ̀ ní méjì-méjì, mẹ́ta-mẹ́ta. Bọ́ǹbù pa á ní ọjọ́ 31 oṣù karùn-ún. Mo máa ń dárúkọ rẹ̀ fún ọmọ tó bá sọ fún mi pé ọmọ Áfíríkà kankan ò ṣe nǹkan kan.

Nítorí gbogbo èyí ni Rùwáńdà ò fi fẹ́ kí ẹ pè é ní "ogun Hutu àti Tutsi" tàbí "ìpẹ̀yàrun Rùwáńdà". Orúkọ tí wọ́n fún un, tí Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé náà gbà ní 2018, ni ìpẹ̀yàrun tí wọ́n ṣe sí àwọn Tutsi ní 1994. Bí ẹ bá débẹ̀, bí ẹ ṣe máa pè é nìyẹn. Wọ́n ní òfin tó de ẹni tó bá sẹ́ ẹ.

Ibojì tí wọ́n ṣí ilẹ̀kùn rẹ̀ sílẹ̀

Ibi ìrántí pọ̀ ní Rùwáńdà, ó fẹ́rẹ̀ jẹ́ pé gbogbo àgbègbè ló ní tirẹ̀. Ní 2023, UNESCO kọ mẹ́rin nínú wọn mọ́ ogún àgbáyé: Gisozi, Nyamata, Murambi àti Bisesero. Wọn ò jọra, mi ò sì ní sọ̀rọ̀ lórí wọn bákan náà.

Gisozi ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ mú àlejò lọ. Inú Kigali ló wà, wọ́n ṣí i ní 2004, àwọn tí wọ́n sin síbẹ̀ sì lé ní 250,000. Ẹ kà á dáadáa: wọ́n sin wọ́n. Abẹ́ pẹpẹ kọnkéré fífẹ̀ ni wọ́n wà, òdòdó ni àwọn tó wá kí wọn ń gbé lé e. Nínú ilé, wọ́n to ìtàn náà láti ìgbà tí òyìnbó dé títí dé ilé ẹjọ́. Yàrá kan wà fún ìpẹ̀yàrun tó ti ṣẹlẹ̀ níbòmíràn, títí kan èyí tí àwọn ará Jámánì ṣe sí àwọn Herero àti Nama ní Nàmíbíà láti 1904 sí 1908, tí ìjọba Jámánì tó wá pè ní orúkọ rẹ̀ ní 2021. Lókè, yàrá àwọn ọmọdé wà. Àwòrán ọmọ kan, oúnjẹ tó fẹ́ràn, ẹni tó jẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, àti bí wọ́n ṣe pa á. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Níbẹ̀ ni mo ti rí àwọn ọkùnrin tó ń yí ojú sí ògiri.

Nyamata ni àbúrò mi ń bẹ̀rù. Ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà ni, nǹkan bí 30 kìlómítà sí gúúsù Kigali, ní ẹkùn Bugesera. Nígbà tí wọ́n ti pa Tutsi tẹ́lẹ̀ rí ní àgbègbè yẹn, ẹni tó bá sá wọ ṣọ́ọ̀ṣì máa ń yè. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi tún sá wá síbẹ̀ ní oṣù kẹrin 1994, tọkọtaya, tọmọtọmọ. Lọ́tẹ̀ yìí, wọ́n ju bọ́ǹbù àfọwọ́jù wọlé, wọ́n sì wọlé tẹ̀lé e pẹ̀lú àdá. Nǹkan bí 10,000 ni wọ́n pa nínú ọgbà náà àti àyíká rẹ̀. Òrùlé páànù ṣì ní ihò wínníwínní tí oòrùn ń gbà wọlé. Aṣọ tí àwọn tó kú wọ̀ ni wọ́n kó jọ sórí àwọn bẹ́ǹṣì, òkìtì lórí òkìtì, àwọ̀ wọn ti di ti ilẹ̀. Aṣọ orí pẹpẹ ìsìn ṣì ní ẹ̀jẹ̀ lára. Lẹ́yìn ilé, àtẹ̀gùn wà tó sọ̀ kalẹ̀ sínú ibojì ńlá tí òkú ènìyàn tó ju 45,000 lọ wà, àwọn pósí ni, àwọn agbárí àti egungun ni. Ìta ni ibojì Tonia Locatelli wà, obìnrin ọmọ Ítálì tó tẹ̀ ayé láago ní 1992 pé wọ́n ti ń pa Tutsi ní Bugesera, tí wọ́n sì torí ẹ̀ yìnbọn pa. Ọdún méjì ṣáájú nìyẹn.

Ó dára, èsì ìbéèrè rẹ̀ rèé. Ṣé wọn ò ní ẹbí tó lè sin wọ́n? Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò ní. Bàbá, ìyá, ẹ̀gbọ́n, àbúrò, ọmọ bàbá, aládùúgbò tó mọ ojú wọn, gbogbo wọn jọ wà nínú ṣọ́ọ̀ṣì kan náà ni. Kò ṣẹ́ku ẹni tó lè nawọ́ sí agbárí kan kó ní ti ìyá òun nìyí. Bí ẹ bá rí agbárí tí kò ní olóhun, ẹ má kà á sí àìbìkítà ẹbí. Àìsí ẹbí mọ́ náà ni ohun tí àwọn apànìyàn ń wá.

Ìdí kejì ni ẹ̀rí tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan. Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹrin 1945, ọ̀gágun Amẹ́ríkà, Eisenhower, wọ àgọ́ Ohrdruf tí àwọn Nazi ń kó ènìyàn pa sí. Ó rin gbogbo ibẹ̀, ó sì ní kí wọ́n kó àwọn oníròyìn àti àwọn aṣòfin wá kíákíá, kí ẹnikẹ́ni má baà lè sọ lọ́jọ́ iwájú pé àhesọ ni. Ó mọ̀ pé ẹnìkan yóò sọ ọ́, wọ́n sì sọ ọ́. Rùwáńdà náà ní àwọn tirẹ̀, tó ń sọ pé ogun lásán ni, pé iye náà kò tó bẹ́ẹ̀, pé àwọn méjèèjì jọ pa ara wọn ni. Ihò òrùlé Nyamata, agbárí tí àdá là, bàtà ọmọ ọwọ́, àwọn ni wọ́n ń fi dá irú ẹni bẹ́ẹ̀ lóhùn. Ìròyìn kò tó àfojúbà.

Kò sì túmọ̀ sí pé wọn ò sin òkú. Títí di òní, bí wọ́n bá gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé tàbí tí ẹ̀kún omi ṣí ilẹ̀, wọ́n ṣì ń rí òkú 1994, ní àsìkò ìrántí wọ́n á sì kó wọn lọ sin pẹ̀lú orin àti àdúrà. Nígbà tí ilé ẹjọ́ ìbílẹ̀ wọn, gacaca, ń jókòó lórí koríko láàrin 2002 àti 2012, tó fẹ́rẹ̀ tó mílíọ̀nù méjì ẹjọ́ tí wọ́n dá, ọ̀kan nínú ohun tí wọ́n ń fẹ́ lẹ́nu ẹni tó bá jẹ́wọ́ ni pé kó sọ ibi tó ju òkú sí. Wọ́n ń dín ìyà rẹ̀ kù nítorí ìyẹn. Kí àwọn ènìyàn lè rí egungun ẹni wọn gbé sin ni wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀, bí àwọn àgbà wa ṣe ń wá irun àti èékánná. Ìgbà tí mo gbọ́ èyí ni ọkàn mi tó balẹ̀. Àwa tí bàbá-ńlá wa wà nínú ilẹ̀ yàrá tí à ń sùn, kí ni à ń bẹ̀rù nínú ibojì tí wọ́n ṣí ilẹ̀kùn rẹ̀ sílẹ̀?

Ibì kan wà tí mo ṣì ní ìṣòro pẹ̀lú rẹ̀. Ní Murambi, ní gúúsù Rùwáńdà, ilé ẹ̀kọ́ tí wọn ò tíì kọ́ tán ni wọ́n kó àwọn ènìyàn sí. Òkú ọgọ́rọ̀ọ̀rún ni wọ́n fi ẹfun pa mọ́ níbẹ̀, wọ́n wà bí wọ́n ṣe kú, ọwọ́ ṣì wà lójú. Mo mọ ìdí rẹ̀, mo sì gbà á, ṣùgbọ́n mi ò ní mú ọmọdé débẹ̀, mi ò sì ní ní kí ẹni tó ń lọ fún ìgbà àkọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀. Murambi náà ni ọ̀rọ̀ ti kan àwọn tó kọ́ wa ní Faransé. Àmì kan wà níbẹ̀ tó sọ pé àwọn ọmọ ogun Faransé tí wọ́n rán wá ní oṣù kẹfà 1994 gbá bọ́ọ̀lù aláwọ̀n (volleyball) nítòsí ibi tí wọ́n kó òkú sí. Ní 2021, ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ ìtàn tí ààrẹ Macron gbé kalẹ̀ sọ pé Faransé ní ẹ̀bi ńlá nínú ọ̀rọ̀ náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn ò rí ẹ̀rí pé ó lọ́wọ́ sí pípa náà fúnra rẹ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún yẹn, Macron lọ sọ ọ́ ní Gisozi.

Bisesero jìnnà, ní ìwọ̀-oòrùn, orí òkè. Òkúta àti ọ̀kọ̀ ni àwọn Tutsi ibẹ̀ fi ja àwọn tó ní ìbọn fún ọ̀sẹ̀ bíi mélòó kan. Ẹni tó bá ní àyè, kó lọ.

Ẹni tó ń mú yín yípo

Àwa tí a ti lọ sí Wídà ti mọ irú amọ̀nà kan. Ó lóhùn, ó mọ eré, ó máa mú yín dé ibi igi ìgbàgbé, á ní ọkùnrin yí i ká lẹ́ẹ̀mẹ́sàn-án, obìnrin lẹ́ẹ̀méje, kí wọ́n lè gbàgbé ilé. Títí ẹ ó fi dé etí òkun, ní Ilẹ̀kùn Àìpadàbọ̀ tí wọ́n kọ́ ní 1995, ó ti lè pa yín lẹ́rìn-ín lẹ́ẹ̀kan tàbí lẹ́ẹ̀mejì. Mi ò bú u. Ìtàn tó ń pa ti lé ní igba ọdún, kò sẹ́ni tó rí i lójú.

Amọ̀nà Rùwáńdà kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Ohùn rẹ̀ á lọ sílẹ̀. Ọ̀pọ̀ wọn ló la ọ̀rọ̀ náà já, àwọn mìíràn jẹ́ ọmọ àwọn tó kú. Nígbà tó bá ní "ibí ni wọ́n gbà wọlé", ó lè jẹ́ pé ó wà nínú ilé lọ́jọ́ náà. Nítorí náà, ẹ má bi í pé báwo ló ṣe yè é. Bó bá fẹ́ sọ, á sọ. Ẹ má bi ẹnikẹ́ni nílùú náà pé Hutu ni àbí Tutsi. Wọ́n ti yọ ọ́ kúrò lára káàdì, ìbéèrè náà sì ń dun wọ́n ju bí ẹ ṣe rò lọ. Ẹ má sì sọ pé "ta ló tilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ẹ̀?" Mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu ẹnìkan tó ti Àjàṣẹ́ wá, àgbàlagbà ni, kò ní ibi lọ́kàn. Amọ̀nà náà kò dá a lóhùn. Ó kàn dúró títí gbogbo wa fi dákẹ́.

Ìyókù rọrùn. Ẹ ò ní san owó kí ẹ tó wọ Gisozi. Ẹ̀rọ etí tó ń ṣàlàyé ni wọ́n ń gba owó rẹ̀, Faransé sì wà nínú rẹ̀. Fóònù á wọ àpò ní Nyamata, wọn kì í jẹ́ kí ẹ ya àwòrán inú ilé. Ẹ má fọwọ́ kan aṣọ. Ẹ wọ ohun tí ẹ lè wọ̀ lọ sílé òkú. Ọmọ Benin kò nílò físà tẹ́lẹ̀ kó tó wọ Rùwáńdà. Bí ẹ bá bọ́ sí ọjọ́ 7 oṣù kẹrin, ọ̀sẹ̀ ọ̀fọ̀ lẹ bá, Kwibuka ni wọ́n ń pè é, ìyẹn ìrántí. Kò ní sí àríyá, kò ní sí orin ijó, ọgọ́rùn-ún ọjọ́ ni wọ́n fi ń tan iná ìrántí.

Àbúrò mi béèrè pé bí ẹkún bá wá ńkọ́. Mo ní kó sun ún. Bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Ohun tí mo bẹ̀ ẹ́ ni pé kó má fi ìpàdé kankan sí alẹ́ ọjọ́ yẹn, àti pé kó jẹun kó tó jáde lówùúrọ̀, nítorí lẹ́yìn rẹ̀ oúnjẹ kì í wù ènìyàn.

Ó lọ. Ní ọ̀sán ọjọ́ kẹta, ó pè mí láti ìta ṣọ́ọ̀ṣì Nyamata. Mo gbọ́ ẹyẹ, mo gbọ́ ohùn àwọn ọmọ ilé ìwé lókèèrè. Kò sọ̀rọ̀ nípa agbárí rárá. Ó ní aṣọ ọmọbìnrin kékeré kan wà lórí bẹ́ǹṣì kejì, ó ní bọ́tìnnì, bọ́tìnnì náà ṣì pé. Ó ní àwọn mọ́tò ti ń pè wọ́n, òun á pè mí padà lálẹ́.

Kò pè títí di ọjọ́ kejì.